“Mo ti wò ó, sà”

Láàárín ọ̀sẹ̀ yìí nìkan, ọmọ kíláàsì mi mẹ́rin ló ti fún mi ní èsì kan náà. Mo bi wọ́n pé ṣé wọ́n ti ka Hamlet, eré Shakespeare, wọ́n ní, “Mo ti wò ó, sà.” Ó dà bí ẹni tí a bi pé ṣé ó ti jẹun, tó ní òun ti gbọ́ òórùn ọbẹ̀.

Èwo gan-an lẹ wò? Fíìmù tí Laurence Olivier ṣe ní 1948 kò ní Rosencrantz, kò ní Guildenstern, àwọn ọ̀rẹ́ ilé-ìwé Hamlet tó dalẹ̀ rẹ̀, kò ní Fortinbras, ọmọ ọba Norway. Ó gé gbogbo wọn dànù. Ti Kenneth Branagh, ní 1996, gba bíi wákàtí mẹ́rin, nítorí odindi ọ̀rọ̀ inú ìwé ló kó síbẹ̀. Orúkọ kan náà làwọn méjèèjì ń jẹ́. Ọmọ tó wo ti Olivier á wá kọ ọ́ sínú ìdánwò pé kò sí ọ̀rẹ́ ilé-ìwé kankan tó dalẹ̀ Hamlet, á sì máa bínú pé mo fún òun ní òdo.

N kò ní jókòó máa ṣàlàyé ìyàtọ̀ tó wà láàárín eré orí ìtàgé tí wọ́n gbé kámẹ́rà sí níwájú àti fíìmù tí wọ́n fi eré ṣe. Ẹni tó bá ti wọ gbọ̀ngàn eré rí ti mọ̀ ọ́n. Kámẹ́rà yẹn gan-an lọ̀rọ̀ mi. Láti orí Hamlet tí Richard Burton ṣe lórí ìtàgé ní 1964, tí wọ́n gbé lọ sí sinimá, títí dé orí Phèdre tí Helen Mirren ṣe ní 2009, tí National Theatre, ilé eré ńlá kan ní London, fi bẹ̀rẹ̀ sí í ta eré látagbà sí sinimá, àwọn ènìyàn rò pé kámẹ́rà kàn jẹ́ fèrèsé lásán ni. Irọ́ ni.

Ẹ mú àsè inú Macbeth, apá kẹta, ìran kẹrin. Ẹ̀mí òkú Banquo, ọ̀rẹ́ tí ọba Macbeth ní kí wọ́n pa, wọlé, ó lọ jókòó sí àyè Macbeth; Macbeth nìkan ló ń rí i. Bẹ́ẹ̀ ni Shakespeare kọ ọ́. Olùdarí kan lè gbé òṣèré síbẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀jẹ̀ lórí, òmíràn lè fi ìjókòó náà sílẹ̀ lófìfo. Nínú gbọ̀ngàn, ibi tó bá wù yín lẹ lè wò. Ẹ lè pa Macbeth tì kí ẹ máa wo ìyàwó rẹ̀: ọwọ́ tó fi di ife mú gírígírí, ẹ̀rín tí kò dé ojú, bó ṣe ń yọ́jú wo Ross àti Lennox, àwọn ìjòyè tó wá jẹun, bóyá wọ́n ti fura. Lójú tèmi, obìnrin yẹn ló ni ìran náà. Ṣùgbọ́n kámẹ́rà á lọ lẹ̀ mọ́ imú Macbeth, òógùn iwájú orí rẹ̀ nìkan lẹ ó máa rí. Ẹnì kan tó jókòó sídìí ẹ̀rọ ló bá yín yàn án, ẹ kò sì mọ̀ pé ẹnikẹ́ni yan nǹkan kan.

Mo ti darí ìran yìí lẹ́ẹ̀mẹta. Bí àwọn àlejò ṣe máa dìde nìkan gbà mí ní ọjọ́ mẹ́rin! Nígbà tí àsè bẹ̀rẹ̀, Macbeth ní kí kálukú jókòó bí ipò rẹ̀ ṣe rí. Nígbà tó máa tú, ìyàwó rẹ̀ ní kí wọ́n má wo ti ipò mọ́, kí wọ́n ṣáà máa lọ. Láàárín ìjókòó àti ìdìde yẹn ni ìlú dàrú lójú yín. Ìdìde àlejò kì í sí nínú fídíò, ojú Macbeth ló máa ń wà níbẹ̀.

Àwọn tó tún wá ń ba nǹkan jẹ́ jù ni àwọn oníṣẹ́jú mẹ́wàá, àwọn tó ń jókòó síwájú fóònù láti “tú” King Lear fún yín kí ìdánwò tó dé. Mo wo ọ̀kan. Ọ̀gbẹ́ni ní ọmọkùnrin mẹ́ta ni Lear bí! Ran ló wò, fíìmù tí Kurosawa ṣe ní 1985, tó gbé ìtàn náà lọ sí Japan, tó sì sọ àwọn ọmọbìnrin di ọkùnrin. Fíìmù náà dára, mo fẹ́ràn rẹ̀ gan-an. Lear kọ́ ni.

Àwọn òṣèré kan sì wà tí kì í dárúkọ Macbeth nínú gbọ̀ngàn, wọ́n ní ó ń fa jàǹbá. “Eré Scotland” ni wọ́n ń pè é. Ọmọ kan ní kíláàsì mi ti kọ́ ọ. Ẹ̀rù orúkọ ń bà á, ẹ̀rù àtiwọ ìdánwò láìka ìwé kò bà á.

Ẹ ka ìwé náà tán ná. Tí ẹ bá wá fẹ́ wò ó, ẹ ṣí i sórí itan, kí ẹ fi pẹ́ńsù fa ilà sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá fò. Níbi tí ilà bá pọ̀ sí, ẹ bi ara yín pé kí ni olùdarí ń sá fún. Lẹ́yìn náà, ẹ wá ẹ̀dà mìíràn wò. Ẹ̀dà kan ṣoṣo burú ju kí ẹ má wo ìkankan lọ.

Ọmọbìnrin kan kọ àròkọ ojú ìwé mẹ́sàn-án fún mi lórí Pygmalion, eré Bernard Shaw. Èdè rẹ̀ dùn. Bí Eliza, ọmọbìnrin tó ń ta òdòdó, ṣe padà wá bá Higgins, ọ̀jọ̀gbọ́n tó kọ́ ọ ní èdè àwọn ọlọ́lá, tí Higgins sì béèrè sálúbàtà rẹ̀, ló kọ látòkè délẹ̀. Ó ní ìfẹ́ ló ṣẹ́gun. Fíìmù 1938 ló parí báyẹn, My Fair Lady, fíìmù olórin tí wọ́n fi eré náà ṣe, náà sì parí báyẹn ní 1964. Shaw wà lára àwọn tó kọ fíìmù àkọ́kọ́ yẹn, síbẹ̀ ìparí tí kò fẹ́ ni wọ́n lẹ̀ mọ́ ọn. Nínú ìwé tí wọ́n kọ́kọ́ tẹ̀, Higgins rán Eliza pé kó ra ìbọ̀wọ́ bọ̀, Eliza ní kó lọ rà á fúnra rẹ̀, ó sì jáde. Shaw tún kọ àfikún gígùn ní 1916 pé Freddy, ọ̀dọ́mọkùnrin tó nífẹ̀ẹ́ rẹ̀, ni Eliza fẹ́.

Mo pe ọmọ náà, mo ṣí ojú ìwé tó gbẹ̀yìn, mo ní kó kà á sókè. Ó kà á dé ibi tí Eliza ti jáde, ó dákẹ́. Ó ń ṣí ìwé náà síwá sẹ́yìn bí ẹni tó ń wá ojú ìwé tó ti já.

“Sà, ibo ni sálúbàtà yẹn wà?”

“Apá kẹrin,” ni mo wí. “Eliza ń jù ú lu Higgins.”