David Oyèlọ́wọ̀

David Oyètókunbọ̀ Oyèlọ́wọ̀ (tí wọ́n bí ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹrin ọdún 1976) jẹ́ òṣèré orí ìtàgé, sinimá àti tẹlifíṣọ̀n. Ó máa ń fi ohùn ṣeré nínú kátúùnù, ó sì tún ń ṣagbátẹrù fíìmù, ó ń darí rẹ̀. Yorùbá ni bàbá rẹ̀, Ígbò ni ìyá rẹ̀, ìlú Oxford ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n bí i sí. Òun fúnra rẹ̀ máa ń sọ pé ìdílé ọba ni wọ́n ní Àwé, Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́. Ẹni tó bá gbọ́ Yorùbá á ti rí ibi tí wọ́n bí i sí nínú orúkọ rẹ̀: oyè tó ti òkun bọ̀.

Ọmọ ọdún 6 ni nígbà tí àwọn òbí rẹ̀ kó padà sí Èkó. Òpópónà tó ń jẹ́ orúkọ ìdílé wọn ni wọ́n gbé. Nígbà tó di bí ọmọ ọdún 14, wọ́n tún padà sí London. Ó kọ́ iṣẹ́ eré ní LAMDA, ilé ẹ̀kọ́ òṣèré kan ní London, ó parí ní 1998, ọdún yẹn náà ló sì gbé Jessica, tí òun náà jẹ́ òṣèré, níyàwó.

Royal Shakespeare Company, ẹgbẹ́ òṣèré ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ń ṣe eré Shakespeare, ló kọ́kọ́ gbé e jáde. Lọ́dún 2000 wọ́n fi í ṣe Ọba Henry Kẹfà, òun sì ni aláwọ̀dúdú àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ náà fi ṣe ọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nínú eré Shakespeare. Àríyànjiyàn ṣẹlẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀bùn Ian Charleson, tó wà fún àwọn ọ̀dọ́ òṣèré orí ìtàgé, ló fi iṣẹ́ náà gbà. Lẹ́yìn náà ni Spooks, eré nípa àwọn amí, lórí tẹlifíṣọ̀n BBC, kó tó kó lọ sí Los Angeles ní 2007.

Ọdún yẹn ló ka ìwé eré Selma, fíìmù nípa Martin Luther King, tó jà fún ẹ̀tọ́ àwọn aláwọ̀dúdú ní Amẹ́ríkà. Onígbàgbọ́ ni, ó sì ti sọ ní gbangba pé Ọlọ́run ló fi ipa King lé òun lọ́wọ́. Ọdún 7 kọjá kí fíìmù náà tó jáde ní 2014. Olùdarí kan ń wá, òmíràn ń lọ, títí Oyèlọ́wọ̀ fi dábàá Ava DuVernay, tí wọ́n jọ ṣe Middle of Nowhere (2012), fún àwọn tó ni iṣẹ́ náà. Wàhálà mìíràn tún wà nílẹ̀: ẹ̀tọ́ sí àwọn ọ̀rọ̀ tí King sọ wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn, wọn ò lè lò ó. DuVernay kọ gbólóhùn tuntun. Ohun tó wá kù fún òṣèré ni ìró: bí King ṣe ń fa ọ̀rọ̀, ibi tó ti ń sinmi, bí ohùn rẹ̀ ṣe ń gòkè díẹ̀díẹ̀ títí ìjọ á fi dáhùn. Ibẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n Oyèlọ́wọ̀ ti hàn jù lọ. Wọ́n yàn án fún ẹ̀bùn Golden Globe, wọn ò yàn án fún Oscar. Ní Oscar yẹn, ti 2015, aláwọ̀ funfun ni gbogbo òṣèré 20 tí wọ́n yàn.

Nínú Nightingale, fíìmù HBO tó jẹ́ kí wọ́n yàn án fún ẹ̀bùn tẹlifíṣọ̀n Emmy ní 2015, òun nìkan ni òǹwòran ń rí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin: sójà àtijọ́ kan tó ń sọ̀rọ̀ lórí fóònù nínú ilé ìyá rẹ̀.

Iṣẹ́ ohùn rẹ̀ kì í ṣe àfikún lásán. Òun ni Kallus nínú kátúùnù Star Wars Rebels (2014–2018), ọ̀gá aláṣẹ tó ń dọdẹ àwọn ọlọ̀tẹ̀. Nínú ìṣẹ̀lẹ̀ kan, òun àti Zeb, ọ̀tá rẹ̀, há sínú yìnyín, ẹsẹ̀ Kallus ti kán. Bí alẹ́ ṣe ń lọ, líle ohùn yẹn ń yọ́, a sì ń gbọ́ ọ kó tó hàn nínú ìwà rẹ̀. Ó tún ṣe Scar, kìnnìún burúkú, nínú kátúùnù The Lion Guard, ó sì ka ìwé James Bond kan, Trigger Mortis, sórí ẹ̀rọ ní 2015.

Òun àti Jessica ló dá ilé iṣẹ́ fíìmù Yoruba Saxon sílẹ̀. Ìran ọkọ (Yorùbá) àti ìran ìyàwó (Saxon, ìyẹn Gẹ̀ẹ́sì) ló di orúkọ. Ó wà lára àwọn tó ṣagbátẹrù A United Kingdom (2016), níbi tó ti ṣe Seretse Khama, ààrẹ àkọ́kọ́ Botswana. Fíìmù gígùn àkọ́kọ́ tó darí ni The Water Man, tí wọ́n kọ́kọ́ fi hàn ní Toronto ní 2020. Ọmọkùnrin kan wọ igbó lọ wá ẹni tí wọ́n ní ó ti ṣẹ́gun ikú, nítorí àrùn jẹjẹrẹ ẹ̀jẹ̀ ń pa ìyá rẹ̀ lọ. Oyèlọ́wọ̀ tún ṣe bàbá ọmọ náà. Oprah Winfrey, tó ṣe ìyá Oyèlọ́wọ̀ nínú fíìmù The Butler, wà lára àwọn tó ti iṣẹ́ náà lẹ́yìn.

Wọ́n fi OBE, oyè ọlá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, dá a lọ́lá ní 2016. Ní 2023 ó ṣe Bass Reeves, ẹrú tó di agbófinró ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà, nínú Lawmen: Bass Reeves, eré tí òun náà ṣagbátẹrù lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún tó ti ń wá ẹni tó máa gbà á. Coriolanus, eré Shakespeare, gbé e padà sórí ìtàgé National Theatre ní London ní 2024, eré rẹ̀ Government Cheese sì bẹ̀rẹ̀ lórí Apple TV+ ní 2025.