Kò Sí "Ẹ Tún Un Ṣe": Bí Ọ̀dọ́ Oníkámẹ́rà Ṣe Ń Gòkè Nínú Dọkumẹ́ńtárì àti Ríálítì

Nínú eré tí wọ́n kọ sílẹ̀, bí òṣèré bá ṣi ọ̀rọ̀ sọ, olùdarí á ní kí wọ́n tún un ṣe, ó parí. Kò rí bẹ́ẹ̀ nínú dọkumẹ́ńtárì àti ètò ríálítì. Ìyá tí wọ́n pè lórí fóònù pé ọmọ rẹ̀ yege ìdánwò, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni ojú rẹ̀ máa tàn bẹ́ẹ̀ yẹn. Bí kámẹ́rà bá kọjú síbòmíràn nígbà náà, tàbí tí bátìrì bá kú, ó ti lọ nìyẹn. Wọ́n lè bẹ̀ ẹ́ kó tún gbé fóònù sétí, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ á ti di ojú ẹni tó ń ṣeré, ẹni tó ń wò ó nílé á sì mọ̀. Ohun kan yìí ló ń pinnu bí wọ́n ṣe ń gba ọ̀dọ́ sí iṣẹ́ yìí, ohun tí wọ́n fi ń dán an wò, àti ìdí tí wọ́n fi ń pe ẹnì kan padà, tí fóònù ẹlòmíràn kì í sì í dún mọ́.

Kì í ṣe kámẹ́rà ni wọ́n kọ́kọ́ ń gbé lé ọ̀dọ́ lọ́wọ́. Ẹrù ni. Á máa ṣájì bátìrì, á máa ká wáyà, á máa nu lẹ́ǹsì, á máa gbé ẹsẹ̀ kámẹ́rà tẹ̀ lé ọ̀gá. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á fa káàdì lé e lọ́wọ́, ìyẹn káàdì kékeré tí kámẹ́rà ń tọ́jú àwòrán sí. Ibẹ̀ gan-an ni ìdánwò wà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sẹ́ni tó máa pè é bẹ́ẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Kámẹ́rà tó ń kọ megabit 100 sílẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan (megabit mẹ́jọ ló ń jẹ́ megabyte kan) máa ń kó nǹkan bíi gigabyte 45 jọ ní wákàtí kan. Bí kámẹ́rà mẹ́ta bá ṣiṣẹ́ fún wákàtí mẹ́jọ, gigabyte 1,080 nìyẹn, ti ọjọ́ kan ṣoṣo. Gbogbo rẹ̀ gbọ́dọ̀ kúrò nínú káàdì kí ilẹ̀ tó mọ́, torí káàdì yẹn náà ni wọ́n máa lò lọ́la. Ọ̀dọ́ tó jókòó ti kọ̀ǹpútà kò kàn ní máa da fáìlì láti ibì kan síbòmíràn. Sọ́fítíwíà tó ń lò á ṣírò nọ́ńbà kan láti ara fáìlì tó wà nínú káàdì, á tún ṣírò ti ẹ̀dà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe. Bí nọ́ńbà méjèèjì kò bá bára mu, nǹkan ti ṣe ẹ̀dà yẹn. Ẹ̀dà mẹ́ta ló dára jù, kí ọ̀kan má sì sun inú ilé kan náà pẹ̀lú àwọn yòókù, nítorí bí iná bá jó ilé, kò ní yan èyí tó máa jó. Káàdì tó kún, wọ́n á lẹ téèpù pupa mọ́ ọn. Kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ fi í sínú kámẹ́rà títí téèpù yẹn á fi kúrò. Ẹni tó bá pa káàdì rẹ́ kí wọ́n tó dà á tán, ọ̀rọ̀ rẹ̀ á dé etí àwọn tí kò rí i rí.

Ìgbà kan wà tó jẹ́ pé àìtó fíìmù ni ìṣòro, kì í ṣe àpọ̀jù àwòrán. Títí di nǹkan bí ọdún 1960, ẹ̀rọ tó lè gba àwòrán àti ohùn pọ̀ wúwo débi pé ìṣẹ̀lẹ̀ ló ń wá bá kámẹ́rà níbi tí wọ́n gbé e kalẹ̀ sí. Ọdún yẹn ni Robert Drew, ọmọ Amẹ́ríkà tó ń ṣe dọkumẹ́ńtárì, àti àwọn tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́, tí Richard Leacock, D. A. Pennebaker àti Albert Maysles wà lára wọn, gbé kámẹ́rà 16 mm (ìyẹn ni fífẹ̀ fíìmù rẹ̀) lé èjìká, tí wọ́n tẹ̀ lé John F. Kennedy àti Hubert Humphrey, tí àwọn méjèèjì ń du ipò ààrẹ, káàkiri ìpínlẹ̀ Wisconsin ní Amẹ́ríkà, nígbà ìdìbò abẹ́nú ẹgbẹ́ òṣèlú wọn. Ròólù fíìmù 16 mm tó gùn tó 400 ẹsẹ̀ bàtà, nǹkan bí ìṣẹ́jú mọ́kànlá ló ń tán. Dandan ni kí oníkámẹ́rà mọ ìgbà tó yẹ kó tẹ̀ ẹ́ àti ìgbà tó yẹ kó pa á. Káàdì òde òní kì í tètè kún, ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ sì rò pé kí àwọn ṣáà máa yà á lọ ni ọgbọ́n. Ẹ́dítọ̀, ìyẹn ẹni tó ń gé àwòrán tó sì ń tò ó pọ̀, tí wọ́n da ọgọ́rùn-ún wákàtí lé lórí kó fi ṣe ètò wákàtí kan kò ní kí wọn kú iṣẹ́.

Ọgbọ́n náà gan-an nìyí. Ká sọ pé tẹ̀gbọ́n tàbúrò ń jà sí ọ̀rọ̀ ogún nínú ilé ìdáná. Ẹ̀gbọ́n sọ̀rọ̀, kámẹ́rà ọ̀dọ́ sáré lọ bá a. Àbúrò fèsì, ó sáré padà. Kó tó débẹ̀, kí àwòrán tó mọ́, ìdajì ọ̀rọ̀ ti kọjá. Ẹni tó ti pẹ́ nídìí iṣẹ́ á fi ẹ̀gbọ́n sílẹ̀ kó máa sọ ọ́ lọ, á dúró sójú àbúrò tó ń gbọ́. Ohùn ẹ̀gbọ́n kò ní sọnù: máìkì wà láyà rẹ̀, ẹni tó ń gba ohùn sì ń bẹ nítòsí. Ohun tí ẹ́dítọ̀ kò lè rí níbòmíràn ni bí àbúrò ṣe gbé itọ́ mì. Lẹ́yìn ìyẹn, oníkámẹ́rà á ya ọwọ́ tó ń yí ife po lórí tábìlì, ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá láìmì. Á sún sẹ́yìn, á ya gbogbo yàrá, kí olùwòran lè mọ ibi tí oníkálukú dúró sí. Àwọn àwòrán kéékèèké yìí ni wọ́n fi ń gé ìjà ogójì ìṣẹ́jú di ìṣẹ́jú méjì láìjẹ́ kí ojú ibi tí wọ́n gé hàn. Ìdí nìyí tí oníkámẹ́rà gidi fi máa ń ki ohun ìgbọ́hùn bọ etí kan. Etí ló ń sọ fún ojú ibi tó kàn.

Ríálítì ní tirẹ̀ fẹ́ràn èrò. Nínú ètò bíi Big Brother, tó bẹ̀rẹ̀ ní orílẹ̀-èdè Netherlands lọ́dún 1999, kámẹ́rà wà lára ògiri, àwọn mìíràn sì wà lẹ́yìn dígí. Níbòmíràn, oníkámẹ́rà márùn-ún lè wà nínú ilé kan, kí ẹnì kan máa bá wọn sọ̀rọ̀ sétí láti yàrá ìdarí. Níbẹ̀, àwòrán tó bá ti àwọn yòókù mu wúlò ju èyí tó rẹwà lọ. Bí kámẹ́rà kan bá wà ní 5600 Kelvin, ìyẹn ìwọ̀n tí wọ́n fi ń ṣètò àwọ̀ ìmọ́lẹ̀, tí èkejì wà ní 4300, ojú èèyàn kan náà á pọ́n níhìn-ín, á dàbí ti aláìsàn lọ́hùn-ún. Ìjókòó ìdánìkan-sọ̀rọ̀, tí olùkópa ti ń sọ pé "mo ń bínú gan-an báyìí", ó lè jẹ́ ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn ìjà ni wọ́n yà á. Nítorí náà ni wọ́n ṣe ń kọ ibi tí àga wà, gíga lẹ́ǹsì àti aṣọ tó wọ̀ sílẹ̀.

Ẹni tó ń rìnrìn àjò ní láti mọ̀ nípa iná pẹ̀lú. Níbi tí iná mànàmáná bá ti jẹ́ 50 Hz, ìyẹn tó ń lọ tó ń bọ̀ ní ìgbà 50 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, gílóòbù máa ń ṣẹ́jú ní ìgbà 100 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Shutter 1/50, ìyẹn bí kámẹ́rà bá ń gba ìmọ́lẹ̀ fún ìdá kan nínú àádọ́ta ìṣẹ́jú àáyá fún àwòrán kọ̀ọ̀kan, kò ní rí i. Bí wọ́n bá gbé e lọ síbi tí iná ti jẹ́ 60 Hz láìyí i sí 1/60, àwòrán lè bẹ̀rẹ̀ sí gbọ̀n.

Ní ti owó, owó ojúmọ́ ni ọ̀pọ̀lọpọ̀ ń gbà, kì í ṣe owó oṣù. Bí oníkámẹ́rà bá mú irinṣẹ́ tirẹ̀ wá, owó irinṣẹ́ yàtọ̀ sí owó iṣẹ́, ó sì yẹ kó hàn bẹ́ẹ̀ nínú ìwé àdéhùn. Ọ̀dọ́ tó yáwó ra kámẹ́rà olówó ńlá kí iṣẹ́ tó dé, gbèsè ló rà. Orúkọ ni wọ́n fi ń ríṣẹ́ níbẹ̀: ọ̀gá kan kò ráyè, ó ní kí wọ́n pe ọmọ tó ń tọ́jú káàdì fún òun lọ́jọ́sí. Bí wọ́n bá ní kó mú àpẹẹrẹ iṣẹ́ wá, ìran kan tó pé, tó ní ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin, sàn ju àwòrán ọgbọ̀n tí wọ́n fi orin gbé lẹ́sẹ̀.

Àwọn tó ń tètè gòkè máa ń ṣe ohun kan tí kò sẹ́ni tó sanwó rẹ̀ fún wọn: wọ́n á lọ jókòó sẹ́yìn ẹ́dítọ̀ fún odidi ọjọ́ kan nígbà tó bá ń gé iṣẹ́ tí àwọn yà. Obìnrin kan nínú àwòrán náà á dákẹ́, á wolẹ̀, á la ẹnu bíi pé ó fẹ́ sọ nǹkan. Àwòrán á sì gé níbẹ̀. Ẹ́dítọ̀ á dá a padà, á tún wò ó, á yíjú sẹ́yìn: "Kí ló dé tó o fi pa á?"