Ṣé òótọ́ ni pé ẹni tí ọpọlọ ẹ̀ ò gbé yunifásítì ló ń lọ kọ́ṣẹ́ tíṣà?

Ọ̀rọ̀ yìí ò tíì kúrò lẹ́nu àwọn èèyàn wa. Ọmọ á ṣe JAMB, máàkì ẹ̀ ò ní tó, kíá wọ́n á ní kó yáa lọ gba fọ́ọ̀mù kọ́lẹ́ẹ̀jì àwọn tíṣà kó má baà jókòó sílé. Tí ọmọ tó mọ̀wé dáadáa bá wá fẹnu ara ẹ̀ sọ pé iṣẹ́ tíṣà lòun fẹ́ kọ́, wọ́n á ní ṣé kò rí nǹkan gidi ṣe ni. Irọ́ gbáà ni ìgbàgbọ́ yẹn, ó sì ń dùn mí gan-an, torí àwọn ọmọ tó jókòó sí kíláàsì ló ń jìyà ẹ̀. Obìnrin kan wà ní Amẹ́ríkà láyé ijọ́un, Fanny Jackson Coppin, ẹ jẹ́ ká wo ìtàn ẹ̀.

Ọdún 1837 ni wọ́n bí i sóko ẹrú ní Washington. Àǹtí ẹ̀ tó ń jẹ́ Sarah ń ṣiṣẹ́ gba dọ́là 6 lóṣù, ó ń tọ́jú ẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí tó fi di dọ́là 125, owó yẹn ló fi ra ọmọ náà sílẹ̀ lọ́wọ́ olówó ẹ̀. Nígbà tí Fanny ń di ọ̀dọ́, ó ń gbé lọ́dọ̀ ìdílé kan ní Newport, ó ń bá wọn ṣiṣẹ́ ilé, nínú owó tí wọ́n ń san fún un ló sì ti ń bẹ tíṣà lọ́wẹ̀ tó ń kọ́ ọ níwèé.

Ilé ìwé àwọn tíṣà ní ìpínlẹ̀ Rhode Island ló lọ lẹ́yìn ìyẹn, ibẹ̀ ló ti bọ́ sí Oberlin College ní Ohio lọ́dún 1860. Kọ́ọ̀sì tí wọ́n ń pè ní tàwọn ọkùnrin ló sì mú níbẹ̀, tó kún fún èdè Látìn, èdè Gíríìkì àti ìṣirò tó le. Àwọn olùkọ́ ò ní kí obìnrin má ṣe é o, wọn ò kàn gbà wọ́n níyànjú láti ṣe é ni. Ó ṣe é, ó sì parí ẹ̀ lọ́dún 1865. Òun fúnra ẹ̀ sọ pé tóun bá ti dìde dáhùn ìbéèrè ní kíláàsì, ṣe ló máa ń dà bíi pé iyì gbogbo èèyàn dúdú wà léjìká òun. Ṣé ẹni tí ọpọlọ ẹ̀ ò gbé e nìyẹn?

Ní Oberlin yẹn náà, wọ́n máa ń mú lára àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kí wọ́n máa kọ́ àwọn tó ń múra àtiwọlé, wọ́n wá mú Fanny, àmọ́ wọ́n sọ fún un tẹ́lẹ̀ pé táwọn ọmọ bá kọ̀ ọ́, àwọn ò ní fipá mú wọn. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ojú àwọn kan fi hàn pé ó yà wọ́n lẹ́nu bí wọ́n ṣe wọlé tí wọ́n rí i pé èèyàn dúdú ni tíṣà wọn. Kò sẹ́ni tó kọ̀ ọ́. Ńṣe lèrò ń pọ̀ sí i títí wọ́n fi ní láti pín kíláàsì náà sí méjì, wọ́n sì kó méjèèjì fún un.

Ọdún tó jáde yẹn ló gba Philadelphia lọ, sí Institute for Colored Youth, ilé ìwé tí àwọn Quaker, ìyẹn ìjọ Kristẹni kan, dá sílẹ̀ fáwọn èèyàn dúdú. Nígbà tí wọ́n fi ọ̀gá ibẹ̀, Ebenezer Bassett, ṣe aṣojú Amẹ́ríkà ní Haiti lọ́dún 1869, Fanny ni wọ́n fi jọ̀gá, kò sì kúrò níbẹ̀ títí di 1902. Ó ṣe kedere sí i pé mímọ̀wé ọ̀tọ̀, kíkọ́ni ọ̀tọ̀, ẹni tó gbọ́ Gíríìkì bí omi lè dúró níwájú ọmọ ọdún mẹ́fà kó má mọ ibi tó máa ti bẹ̀rẹ̀. Ìdí nìyẹn tó fi dá kíláàsì sílẹ̀ fáwọn tó fẹ́ di tíṣà, tí wọ́n á kọ́ bí wọ́n ṣe ń kọ́ni, tí wọ́n á tún lọ máa fi dánra wò lọ́dọ̀ àwọn ọmọ kéékèèké. Ó fòfin de nína ọmọ nílé ìwé náà, ní ayé tó jẹ́ pé pàṣán ni ọ̀pọ̀ tíṣà gbójú lé! Nínú ìmọ̀ràn tó kọ sílẹ̀ fáwọn tíṣà, ó ní wọn ò gbọ́dọ̀ jẹ́ kí ẹnikẹ́ni pe ọmọ kankan ní olódo nínú kíláàsì wọn, wọn ò sì gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀ àbùkù sí òbí tàbí alágbàtọ́ ọmọ. Mélòó nínú àwọn tíṣà wa ló lè fọwọ́ sọ̀yà pé àwọn ń pa méjèèjì mọ́? Irú nǹkan báyìí kì í wá pẹ̀lú dìgírì o, ṣe ni wọ́n ń kọ́ ọ.

Lẹ́yìn tó fibẹ̀ sílẹ̀, ó bá ọkọ ẹ̀, Bíṣọ́ọ̀bù Levi Coppin, lọ ṣiṣẹ́ ìjọ ní Cape Town. Ọdún 1913 ló kú, ọdún yẹn náà ni ìwé tí ìmọ̀ràn yẹn wà nínú ẹ̀ jáde. Ilé ìwé tó darí ní Philadelphia ni Cheyney University lónìí. Èyí tí wọ́n ti ń kọ́ àwọn tíṣà dúdú ní Baltimore, ọdún 1926 ni wọ́n fi orúkọ ẹ̀ pè é, òun náà ti di Coppin State University báyìí, wọ́n ṣì ń kọ́ tíṣà níbẹ̀.