Báwo ni Schalke ṣe jẹ́ olúborí Bundesliga fún ìṣẹ́jú mẹ́rin péré ní ọdún 2001?

Ó lé ní ogún ọdún tí sáà 2000 sí 2001 ti Bundesliga, líìgì bọ́ọ̀lù àgbà Jámánì, ti parí, síbẹ̀ àwọn tó fẹ́ràn bọ́ọ̀lù kò yé bèèrè bí ẹgbẹ́ kan ṣe lè máa jó, kí ó máa sunkún ayọ̀ lórí pápá, nígbà tí ife-ẹ̀yẹ wà lọ́nà ìlú mìíràn. Mo ti to àwọn ìbéèrè tí wọ́n máa ń bèèrè jù jọ, mo sì ti dáhùn wọn bí mo ṣe mọ̀ ọ́n.

Àwọn wo ló ń du ife náà, báwo sì ni tábìlì ṣe rí kí ọjọ́ ìkẹyìn tó dé?

Bayern Munich ni ẹgbẹ́ àkọ́kọ́, àwọn ló sì gba ife náà ní ọdún 1999 àti 2000. Ẹgbẹ́ kejì ni Schalke 04 ti ìlú Gelsenkirchen, ìlú àwọn awakùsà èédú ní agbègbè Ruhr. Ọdún 1958 ni Schalke ti gba ife líìgì Jámánì kẹ́yìn, nígbà tí wọn kò tíì dá Bundesliga sílẹ̀ rárá, nítorí pé ọdún 1963 ni ìyẹn bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́ ní ọjọ́ 19, oṣù Karùn-ún, ọdún 2001, Bayern ní àmì 62, Schalke sì ní 59. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ ayò Schalke (iye tí wọ́n gbá wọlé, tí a bá yọ iye tí wọ́n gbá wọlé wọn kúrò) dára ju ti Bayern lọ, 28 sí 25. Nítorí náà, bí Schalke bá borí tí Bayern sì fìdí rẹmi, Schalke ni yóò gba ife. Ọ̀mì lásán sì ti tó Bayern.

Ṣé Bayern ló dára jù ní sáà náà ni?

Ní tèmi, rárá. Schalke na Bayern nílé, wọ́n sì tún lọ nà wọ́n ní Munich pẹ̀lú ayò mẹ́ta sí ẹyọ kan, níbi tí Ebbe Sand, ọmọ Denmark, ti gbá gbogbo ayò mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wọlé. Ayò 65 ni Schalke gbá wọlé ní gbogbo sáà, 62 ni ti Bayern; 35 ni wọ́n gbá wọlé Schalke, 37 ni wọ́n gbá wọlé Bayern. Ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án ni Bayern fìdí rẹmi. Àmì 63 tí wọ́n sì fi gba ife náà ni ó kéré jù lọ tí olúborí Bundesliga tíì ní láti ìgbà tí wọ́n ti ń fún ẹni tó bá borí ní àmì mẹ́ta. Borussia Dortmund, níbi tí Sunday Oliseh ti ń gbá bọ́ọ̀lù nígbà náà, ṣe ipò kẹta pẹ̀lú àmì 58, èyí tó fi hàn pé kò sí ẹgbẹ́ kan tó já àwọn yòókù sílẹ̀.

Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, níbo ni Schalke ti pàdánù ife náà?

Hamburg, níbi tí Bayern ti gbá eré ọjọ́ ìkẹyìn, ni gbogbo ènìyàn máa ń dárúkọ, ṣùgbọ́n èmi gbà pé Stuttgart ni. Ní ọ̀sẹ̀ kan ṣáájú, nígbà ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kẹtàlélọ́gbọ̀n, àmì Schalke àti ti Bayern dọ́gba, Schalke ló sì wà lókè nítorí ìyàtọ̀ ayò. Ó ku díẹ̀ kí eré parí, Schalke ń gbá ọ̀mì pẹ̀lú Stuttgart, Bayern náà ń gbá ọ̀mì nílé pẹ̀lú Kaiserslautern. Lójijì, Krassimir Balakov gbá bọ́ọ̀lù sáwọ̀n Schalke, bẹ́ẹ̀ ni ní àkókò kan náà Alexander Zickler ti Bayern gbá tirẹ̀ wọlé Kaiserslautern. Ẹgbẹ́ tó wà lókè tábìlì di ẹni tí wọ́n fi àmì mẹ́ta jù lọ láàárín ìṣẹ́jú kan. Ká ní Schalke di ọ̀mì yẹn mú ni, àmì 63 ni àwọn náà ì bá ní lọ́jọ́ tí gbogbo rẹ̀ parí, ìyàtọ̀ ayò ì bá sì sọ wọ́n di olúborí, bí Bayern tilẹ̀ gbá ọ̀mì ní Hamburg.

Kí ló ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ ìkẹyìn gan-an?

Unterhaching, ẹgbẹ́ kékeré tó ń sá fún ìjákulẹ̀ sí líìgì kejì, ni Schalke gbàlejò ní Parkstadion, ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ líìgì ìkẹyìn tí wọn yóò sì gbá níbẹ̀ kí wọ́n tó kó lọ sí pápá tuntun nìyẹn. Àwọn àlejò kọ́kọ́ gbá ayò méjì wọlé. Schalke dá méjèèjì padà kí ìdajì àkọ́kọ́ tó parí, Gerald Asamoah, tí wọ́n bí ní Ghana, ló gbá èkejì. Unterhaching tún gbá ẹ̀kẹta. Ìgbà náà ni Jörg Böhme gbá méjì wọlé tẹ̀lé ara wọn láàárín ìṣẹ́jú bíi méjì, Sand sì fi ẹ̀karùn-ún dé e. Márùn-ún sí mẹ́ta.

Ní Hamburg, òdo sí òdo ni wọ́n wà títí di ìṣẹ́jú àádọ́rùn-ún, nígbà tí Sergej Barbarez fi orí kan bọ́ọ̀lù sáwọ̀n Bayern. Bí ìròyìn náà ṣe dé Gelsenkirchen, tí eré tiwọn sì parí, èrò ya wọ inú pápá. Oníròyìn tẹlifíṣọ̀n kan sọ fún àwọn ará Schalke pé eré ti parí ní Hamburg, inú wọn sì dùn débi pé kò sí ẹni tó dúró wádìí rẹ̀. Ṣùgbọ́n eré kò tíì parí. Ojú gbogbo èrò tó wà ní pápá náà ló fi rí i lórí ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán ńlá tó wà níbẹ̀ bí Bayern ṣe ń gbé bọ́ọ̀lù kalẹ̀ nítòsí ilé Hamburg.

Kí ló dé tí rẹfirí fi fún Bayern ní bọ́ọ̀lù yẹn, ṣé ó sì tọ̀nà?

Tomas Ujfalusi, agbábọ́ọ̀lù ẹ̀yìn Hamburg, ló gbá bọ́ọ̀lù padà sẹ́yìn, aṣọ́lé Mathias Schober sì fi ọwọ́ gbé e. Láti ọdún 1992 ni òfin ti sọ pé aṣọ́lé kò gbọ́dọ̀ fi ọwọ́ kan bọ́ọ̀lù tí ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ bá mọ̀ọ́mọ̀ fi ẹsẹ̀ gbá sí i. Bí ó bá ṣe bẹ́ẹ̀, wọn yóò gbé bọ́ọ̀lù kalẹ̀ fún ẹgbẹ́ kejì níbẹ̀, ẹni tó bá kọ́kọ́ gbá a kò sì lè gbá a wọlé tààrà. Ọ̀pọ̀ olólùfẹ́ Schalke ló ń sọ títí dòní pé Ujfalusi kò mọ̀ọ́mọ̀ gbá a sí aṣọ́lé rẹ̀, pé ó kàn fẹ́ gba bọ́ọ̀lù lẹ́sẹ̀ ẹni tó ń lé e ni. Mo gbọ́ wọn yé, ṣùgbọ́n rẹfirí Markus Merk ló ní ẹ̀tọ́ láti pinnu èyí, ohun tó sì rí ló fi fọn fèrè. Èyí tó dùn mí jù ni pé Schober gan-an, ọmọ Schalke ni; wọ́n yá a fún Hamburg fún sáà náà ni.

Stefan Effenberg rọra fi ẹsẹ̀ kan bọ́ọ̀lù náà sí Patrik Andersson, ọmọ Sweden, ẹni tí kò tíì gbá bọ́ọ̀lù kan wọlé fún Bayern rí nínú líìgì. Èyí tó gbá yìí rìn nílẹ̀ kọjá láàárín ẹsẹ̀ èrò tó dí ojú ilé, ó sì wọlé. Ìṣẹ́jú kẹrin lẹ́yìn àádọ́rùn-ún nìyẹn. Ẹyọ kan ṣoṣo yìí náà ni ó gbá wọlé fún wọn nínú líìgì títí tó fi kúrò níbẹ̀. Oliver Kahn, aṣọ́lé Bayern, fa ọ̀pá àsíá igun pápá tu, ó sì gbé e sùn sílẹ̀ bí ẹni tó gbé ọmọ.

Ibo ni ọ̀rọ̀ àwọn ẹgbẹ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta já sí?

Lọ́jọ́ mẹ́rin lẹ́yìn náà, Bayern gba ife Champions League ní Milan, nígbà tí wọ́n fi pẹnárítì borí Valencia. Schalke, tí àwọn ará Jámánì ti sọ ní olúborí inú ọkàn wọn, gba ife DFB, ìdíje Jámánì mìíràn tó yàtọ̀ sí líìgì, ní Berlin ní ọjọ́ 26 oṣù náà, Böhme ló sì gbá ayò méjèèjì tí wọ́n fi na Union Berlin. Unterhaching já sí líìgì kejì, wọn kò sì padà wá mọ́. Láti ìgbà náà, Schalke ti ṣe ipò kejì ní ọdún 2005, 2007, 2010 àti 2018, ṣùgbọ́n wọn kò tíì gba ife Bundesliga rí.