Ariwo Ẹ̀yìn Mọ́tò: Bí Wọ́n Ṣe Ń Wá Ibi Tó Ti Ń Dún àti Bí Wọ́n Ṣe Ń Pààrọ̀ Ohun Tó Ti Jẹ

Bí mọ́tò bá ń dún lẹ́yìn nígbàkigbà tó bá kó sí gálọ́ọ̀pù, ṣọ́ọ̀kì ni ọ̀pọ̀ mẹkáníìkì máa kọ́kọ́ ní kí ẹni tó ni ín lọ rà. Wọ́n á dè é tán, owó á ti lọ, ariwo náà á sì tún bẹ̀rẹ̀ láìpẹ́. Ṣọ́ọ̀kì kọ́ ló ń dún látìbẹ̀rẹ̀. Òun ló kàn hàn sójú jù lábẹ́ ibẹ̀, búùṣì, ìyẹn rọ́bà tó fara pamọ́ sínú irin, ló sì sábà máa ń jẹ̀bi. Ní Òṣogbo, nígbà òjò, omi máa ń bo kòtò ojú ọ̀nà mọ́lẹ̀, awakọ̀ kì í sì í mọ bó ṣe jìn tó àfi tó bá já sí i. Ó yẹ kí ẹni tó ní mọ́tò níbẹ̀ mọ bí ẹ̀yìn mọ́tò ṣe ń ṣiṣẹ́ kó tó yọ owó lápò.

Ṣe ni wọ́n pín iṣẹ́ láàrin ara wọn lábẹ́ ibẹ̀. Sípíríǹgì ló ń ru ẹrù mọ́tò. Tí táyà bá kó sí kòtò, sípíríǹgì á sún kì, á sì tún nà padà, bí wọ́n bá sì fi òun nìkan sílẹ̀, mọ́tò á máa fò sókè sódò ni. Ṣọ́ọ̀kì ló ń dá a lẹ́kun. Òróró wà nínú rẹ̀, písítínì kan sì ń lọ tó ń bọ̀ nínú rẹ̀, òróró náà á máa gba ojú ihò tóóró inú písítínì kọjá, gbogbo agbára ìfò yẹn á wá di ooru. Ìdí nìyí tí ara ṣọ́ọ̀kì tó ṣì dára fi máa ń gbóná lẹ́yìn ìrìn lójú ọ̀nà burúkú. Ẹni tó bá sọ̀ kalẹ̀ lẹ́yìn irú ìrìn bẹ́ẹ̀, tó fọwọ́ kan ṣọ́ọ̀kì méjèèjì, tí ọ̀kan gbóná tí èkejì tutù, ti rí èyí tó ti kú láìná kọ́bọ̀.

Àwọn irin gbọọrọ tí wọ́n ń pè ní áàmù ló di táyà mú kó má ṣe yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ tàbí kó sá sẹ́yìn. Orí áàmù kọ̀ọ̀kan ni búùṣì wà: irin roboto ńlá lóde, irin roboto kékeré nínú, rọ́bà ló kún àárín wọn, wọ́n sì ti lẹ̀ ẹ́ mọ́ irin méjèèjì. Ohun kan wà níbẹ̀ tí ọ̀pọ̀ èèyàn kò mọ̀. Irin inú yẹn kì í yí lórí bóòtù. Bóòtù ti fún un mọ́ abẹ́ mọ́tò pinpin. Rọ́bà fúnra rẹ̀ ló ń lọ́ tó sì ń padà, gbogbo ìgbà tí áàmù bá gòkè tàbí tó bá sọ̀. Ibi tí ìtúmọ̀ èyí wà ni ìgbà tí wọ́n bá fẹ́ de búùṣì tuntun, a ó sì débẹ̀.

Ẹ̀yìn gbogbo mọ́tò kò rí bákan náà. Toyota Camry tí wọ́n ń pè ní Big Daddy, ti ọdún 2002 sí 2006, àti Muscle tó tẹ̀ lé e, táyà ẹ̀yìn kọ̀ọ̀kan wọn dá dúró lórí áàmù méjì tó gba ìbú àti ọ̀kan tó gba gígùn, sípíríǹgì sì yí ṣọ́ọ̀kì ká. Corolla tí wọ́n ń tà ní Amẹ́ríkà láti 2003, èyí tó pọ̀ nínú tòkunbọ̀ tó ń wọlé, kò ní irú áàmù wọ̀nyẹn lẹ́yìn. Irin ńlá kan ló so táyà méjèèjì pọ̀, búùṣì ńlá méjì péré ni wọ́n sì fi mú irin náà mọ́ abẹ́ mọ́tò. Nítorí náà, bí mẹkáníìkì bá kọ búùṣì áàmù mẹ́jọ sínú ìwé fún ẹni tó ni irú Corolla bẹ́ẹ̀, kí ẹni náà ní kí mẹkáníìkì fi ọwọ́ tọ́ka sí wọn lọ́kọ̀ọ̀kan.

Kí ẹnikẹ́ni tó wọ abẹ́ mọ́tò, búùtù ni kó kọ́kọ́ tú. Kó gbé táyà ìpààrọ̀ jáde, jáàkì, sípánà, gálọ́ọ̀nù omi, gbogbo ẹ̀. Jáàkì tí kò jókòó dáadáa sáyè rẹ̀ máa ń dún bí ẹni pé abẹ́ mọ́tò ló ti ń wá. Lẹ́yìn náà, kó mi sàlẹ́ńsà nígbà tí kò tíì gbóná. Bí rọ́bà tí wọ́n fi so ó kọ́ bá ti já, yóò máa gbá abẹ́ mọ́tò, ariwo rẹ̀ sì jọ ti ṣọ́ọ̀kì débi pé ó ti mú kí àwọn kan ra ohun tí kò bàjẹ́.

Ìgbà tí méjèèjì yìí bá ti kúrò nílẹ̀ ni wọ́n á wa mọ́tò jáde láti tẹ́tí sí i. Kì í ṣe oríta Ọláìyá lọ́sàn-án gangan, níbi tí fèrè mọ́tò àti ariwo ọ̀kadà kì í jẹ́ kí èèyàn gbọ́ ohùn ara rẹ̀. Àárọ̀ ọjọ́ Àìkú ní àdúgbò tó dákẹ́, bíi GRA, ló dára jù. Kí wọ́n pa rédíò, kí wọ́n ṣí fèrèsé, kí ẹlòmíràn jókòó sẹ́yìn kó máa gbọ́, kí eré má sì ju bí ẹni ń rìn kánkán lọ.

Kí wọ́n kọ́kọ́ gun bọ́ǹpù tààrà, kí táyà ẹ̀yìn méjèèjì gùn ún pa pọ̀. Lẹ́yìn náà, kí wọ́n padà wá, kí táyà ẹ̀yìn kan ṣoṣo gùn ún, kí èkejì wà nílẹ̀. Ìyàtọ̀ àárín méjèèjì ló ń sọ òótọ́. Irin stabilizer tó so ọ̀tún pọ̀ mọ́ òsì kì í ṣe iṣẹ́ kankan tí táyà méjèèjì bá gòkè lẹ́ẹ̀kan náà, àfi tí ọ̀kan bá gòkè tí èkejì kò gòkè. Bí mọ́tò bá dákẹ́ nígbà àkọ́kọ́, tó wá ń dún ki-ki-ki nígbà kejì, líńkéèjì stabilizer, ìyẹn irin kékeré tó so ó mọ́ ẹ̀gbẹ́ táyà kọ̀ọ̀kan, ni kí wọ́n fura sí. Kí wọ́n tú líńkéèjì méjèèjì kúrò, kí wọ́n rọra wa mọ́tò náà ní àdúgbò. Tí ariwo bá ti lọ, wọ́n ti rí i nìyẹn, líńkéèjì kò sì wọ́n tó ṣọ́ọ̀kì rárá.

Bó bá jẹ́ gbù kan ṣoṣo tó wúwo ló ń dún, nígbà tí táyà méjèèjì gùn ún pa pọ̀, orí ṣọ́ọ̀kì níbi tó ti wọ ara mọ́tò ni kí wọ́n wò, tàbí ṣọ́ọ̀kì fúnra rẹ̀. Kí ẹnì kan gbé àtẹ́lẹwọ́ lé ibẹ̀ láti inú mọ́tò, kí ẹlòmíràn máa ti ìdí mọ́tò sílẹ̀. Bí ó bá ti jẹ, ọwọ́ á mọ̀ ọ́n kí etí tó gbọ́. Èyí tó ń dún gbì nígbà tí wọ́n bá tẹ bíréèkì tàbí tí mọ́tò bá ṣẹ̀ṣẹ̀ gbéra sábà máa ń jẹ́ búùṣì áàmù tó gba gígùn, tàbí búùṣì ńlá Corolla. Èyí tó ń hó bí oyin, tó sì ń le sí i bí eré bá ṣe ń pọ̀ sí i, bíárìn tí táyà ń yí lórí rẹ̀ ni. Kò sí búùṣì tàbí ṣọ́ọ̀kì tó lè wo ìyẹn sàn.

Àìsàn kan tún wà tí kì í pariwo, òun ló sì léwu jù. Lójú ọ̀nà Gbọ̀ngán, nígbà tí mọ́tò bá wà lórí ọgọ́rin kìlómítà, tí tírélà bá kọjá tàbí tí awakọ̀ bá fẹ́ yà bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kejì, ìdí mọ́tò á jó. Orí mọ́tò á ti yà, ìdí á tẹ̀ lé e lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, á sì kọjá ibi tó yẹ kó dúró. Búùṣì áàmù tó gba ìbú ti já nínú, táyà ẹ̀yìn sì ń yà fúnra rẹ̀ láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni yí ọwọ́ mọ́tò. Mọ́tò tó bá ń ṣe báyìí kò yẹ kó gbé èrò lọ sí Ìbàdàn títí wọ́n á fi tún un ṣe. Nínú ìlú, lórí eré kékeré, èèyàn lè má mọ̀ rárá pé ó wà níbẹ̀.

Táyà náà ń sọ̀rọ̀ fún ẹni tó bá fọwọ́ pa á. Bí àtẹ́lẹwọ́ bá ń gòkè sọ̀kalẹ̀ lójú táyà yípo, pé ibì kan jin ibì kan ga, ṣọ́ọ̀kì ti ń jẹ́ kí táyà máa fò nílẹ̀. Bí ẹ̀gbẹ́ inú bá dán tí ẹ̀gbẹ́ òde ṣì ní òǹtẹ̀, táyà kò kọjú sí ibi tó yẹ mọ́, ẹ̀bi sì lè wà lára búùṣì tàbí àláímẹ́ǹtì, ìyẹn bí wọ́n ṣe tò táyà kó kọjú síbi tó yẹ.

Gbogbo èèyàn ló mọ àyẹ̀wò pé kí wọ́n ti ìdí mọ́tò sílẹ̀ kí wọ́n sì fi í sílẹ̀. Bó bá gòkè lẹ́ẹ̀kan tó sì dúró, ó dára. Bó bá ń jó sókè sódò, ṣọ́ọ̀kì ti kú. Èyí tó ti kú tán nìkan ni àyẹ̀wò yìí lè mú. Èyí tó ti kú dé ìdajì máa ń yege níbẹ̀. Kí wọ́n wo ara rẹ̀ pẹ̀lú: eruku tó kàn lẹ̀ díẹ̀ nítorí òróró kì í ṣe wàhálà, àmọ́ òróró tó ń ṣàn dé ìsàlẹ̀ ti parí ọ̀rọ̀. Ilé iṣẹ́ Monroe tó ń ṣe ṣọ́ọ̀kì máa ń gbà wọ́n níyànjú láti yẹ̀ ẹ́ wò tàbí láti pààrọ̀ rẹ̀ ní nǹkan bíi kìlómítà 80,000.

Nígbà tí wọ́n bá fẹ́ wọ abẹ́ rẹ̀, jáàkì nìkan kò tó, búlọ́ọ̀kù kò sì dára rárá, torí ó máa ń fọ́ láìkìlọ̀. Irin ìdúró tó ní ẹsẹ̀ ni kí wọ́n fi gbé e. Kí wọ́n ki irin gbọọrọ bọ ẹ̀gbẹ́ búùṣì, kí wọ́n sì rọra fi tì í síwá sẹ́yìn. Ojú rọ́bà tó kàn là wẹ́lẹwẹ̀lẹ kò tíì bàjẹ́. Èyí tó ti ṣí kúrò lára irin, tí èèyàn ń rí àlàfo tó ń ṣí tó ń pa dé bí irin ṣe ń lọ tó ń bọ̀, ti kú. Táyà tó rọ̀ lókè lè fi irú èyí pamọ́, nítorí náà ó sàn kí wọ́n tún un wò nínú kòtò àyẹ̀wò, nígbà tí mọ́tò jókòó lórí táyà rẹ̀.

Tó bá kan ríra ọjà, inú ìlú ni wọ́n á ti kọ́kọ́ wá a. Èyí tí kò bá sí níbẹ̀ ni wọ́n ń ránṣẹ́ lọ rà ní Gate n'Ìbàdàn tàbí ní Ládípọ̀ l'Ékòó. Ṣọ́ọ̀kì tòkunbọ̀, èèyàn lè fọwọ́ tẹ̀ ẹ́ wò nísọ̀ ẹni tó ń tà á: kó gbé e dúró, kó fà á, kó tì í, kó má sì sí ibi tó ti rọ̀ lójijì. Búùṣì tòkunbọ̀ kò yẹ ní ríra rárá. Rọ́bà náà ti gbó pẹ̀lú mọ́tò tí wọ́n yọ ọ́ lára rẹ̀, ojú kò sì lè rí ohun tó wà nínú. Èyí tí wọ́n gé lára táyà àtijọ́ tí wọ́n sì gbá wọ inú áàmù burú ju ìyẹn lọ. Ó le jù, wọn kò lẹ̀ ẹ́ mọ́ irin kankan, gbogbo gálọ́ọ̀pù á wá máa wọ ara mọ́tò tààrà. Rọ́bà tí àwọn kan ń ki sáàrin sípíríǹgì kí ìdí mọ́tò lè ga náà kò dára, nítorí àwọn òrùka tó kù ló máa gba iṣẹ́ gbogbo rẹ̀ títí ọ̀kan á fi ṣẹ́.

Méjì-méjì ni wọ́n ń pààrọ̀ ṣọ́ọ̀kì àti sípíríǹgì, ọ̀tún àti òsì. Lórí Camry, ọ̀kan nínú áàmù tó gba ìbú ní ibi tí wọ́n ń yí láti sọ ọ́ di gígùn tàbí kúkúrú. Kí wọ́n fi tépù wọn gígùn rẹ̀ kí wọ́n tó tú u, kí tuntun sì wà ní ìwọ̀n kan náà. Bóòtù tó ti bá irin inú búùṣì dípẹtà pọ̀ nítorí òjò kò ní gbọ́ sípánà. Kí wọ́n da òróró tí ń tú ìpẹtà sí i ní alẹ́, kó sùn síbẹ̀. Iná kò gbọdọ̀ débẹ̀. Táǹkì epo wà nítòsí, bẹ́ẹ̀ náà ni rọ́bà bíréèkì, èyí tí òróró bíréèkì ń gba inú rẹ̀.

Kí wọ́n tó yọ ṣọ́ọ̀kì, kí wọ́n fi jáàkì kejì gbé abẹ́ irin tó mú táyà, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ yóò já wálẹ̀, yóò sì fa rọ́bà bíréèkì ya. Lórí mọ́tò tí sípíríǹgì yí ṣọ́ọ̀kì ká, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ tú nọ́ọ̀tù orí rẹ̀ láìkọ́kọ́ fi irin ìfúnpọ̀ mú sípíríǹgì náà. Agbára tó wà nínú rẹ̀ lè pa èèyàn. Ṣọ́ọ̀kì tuntun tó ti sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ fún ìgbà pípẹ́ máa ń ní afẹ́fẹ́ níbi tí òróró yẹ kó wà. Kí wọ́n gbé e dúró, kí wọ́n fà á kí wọ́n sì tì í títí ọwọ́ á fi rí i pé ó le bákan náà láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ọmọ iṣẹ́ tó bá fi ẹ̀mú di irin dídán rẹ̀ mú kó má bàa yí, ti bà á jẹ́ kó tó wọlé: ìlà tín-ín-rín tí ẹ̀mú bá kọ sára irin yẹn ni yóò máa gé rọ́bà tó ń sé òróró mọ́nú, lójoojúmọ́.

Búùṣì mìíràn ní àlàfo méjì nínú rọ́bà rẹ̀, ibi tí àlàfo náà kọjú sí sì ní ìdí. Kí wọ́n fi ẹfun sàmì sí áàmù kí wọ́n tó lé ògbólógbòó jáde, kí tuntun sì kọjú síbi kan náà. Ẹ̀rọ ìtẹ̀ ló yẹ kó tì í wọlé. Òòlù máa ń sọ etí áàmù di wíwọ́.

Ọ̀rọ̀ irin inú tí kì í yí ló kàn báyìí. Tí mọ́tò bá wà lókè, táyà rọ̀ wálẹ̀, áàmù sì dojú kọlẹ̀. Bí mẹkáníìkì bá fún bóòtù pinpin níbẹ̀, ipò yẹn ni rọ́bà máa gbà pé òun ti sinmi. Nígbà tí wọ́n bá sọ mọ́tò kalẹ̀, áàmù á gòkè, rọ́bà á sì wà ní lílọ́ bí aṣọ tí wọ́n ń fún, ní gbogbo ìgbà tí mọ́tò wà nílẹ̀, kódà nígbà tó bá sùn sínú ọgbà lóru. Gálọ́ọ̀pù tó bá kó sí lẹ́yìn náà kàn ń fi kún un ni. Búùṣì tó yẹ kó lo ọ̀pọ̀ ọdún á já láàrin oṣù díẹ̀, wọ́n á sì ní ayédèrú ni wọ́n tà fún àwọn.

Ṣe ni kí wọ́n ki gbogbo bóòtù síbẹ̀, kí wọ́n fọwọ́ dè wọ́n díẹ̀, kí wọ́n gbé mọ́tò kalẹ̀ lórí táyà rẹ̀, kí wọ́n mì í lẹ́ẹ̀mélòó kan kó lè jókòó, kí wọ́n tó wá fún wọn. Níbi tí kò bá sí kòtò tí èèyàn lè wọ̀, kí wọ́n fi jáàkì gbé abẹ́ táyà náà sókè títí ìwúwo mọ́tò á fi bọ́ sórí rẹ̀, kí irin ìdúró ṣì wà níbẹ̀ fún ààbò. Kò gba ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ. Ẹni tó gbé mọ́tò wá lè dúró ti ọ̀gá mẹkáníìkì níbi ìparí yìí, kó sì fi ọ̀wọ̀ béèrè bóyá mọ́tò ti wà nílẹ̀ kí wọ́n tó fún bóòtù.

Lẹ́yìn ìyẹn, àláímẹ́ǹtì, níbi tí ẹ̀rọ wọn ti ń wo táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kì í ṣe ti iwájú nìkan. Ti ẹ̀yìn Camry ṣeé yí. Ti Corolla kò ṣeé yí, nítorí náà bí tirẹ̀ bá wọ́, irin ńlá náà ló ti tẹ̀ tàbí búùṣì rẹ̀ kò jókòó. Nígbà tí mọ́tò bá ti rìn fún ọ̀sẹ̀ kan, kí wọ́n dá a padà, kí wọ́n sì fi sípánà kan gbogbo nọ́ọ̀tù tí wọ́n tú.