Ivy League: líìgì eré ìdárayá ni, kì í ṣe òṣùwọ̀n ọpọlọ

Lóde àríyá wa, yálà ní Houston tàbí ní Ìbàdàn, bí ẹnìkan bá ti ní ọmọ òun wà ní “Ivy League”, gbogbo orí á máa mì. Ohun tí ọ̀pọ̀ gbà ni pé ńṣe ni wọ́n kó yunifásítì Amẹ́ríkà jọ, wọ́n ṣa àwọn tó mọ̀wé jù, wọ́n sì fi orúkọ yẹn dá wọn lọ́lá. Ìdí nìyẹn tí àwọn kan fi ń ka MIT àti Stanford mọ́ ọn. Irọ́ ni o. Líìgì eré ìdárayá ni.

Ilé ẹ̀kọ́ mẹ́jọ péré, gbogbo wọn ní ìhà àríwá ìlà-oòrùn Amẹ́ríkà, ló wà nínú rẹ̀: Brown, Columbia, Cornell, Dartmouth, Harvard, Pennsylvania, Princeton àti Yale. Ọdún 1954 ni wọ́n tọwọ́ bọ àdéhùn pé àwọn á jọ máa díje. MIT àti Harvard jọ wà nílùú Cambridge ni, àmọ́ líìgì ọ̀tọ̀ ni MIT ń gbá.

Ẹ wo básíkẹ́ẹ̀tì ọkùnrin wọn. Ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan á kojú méje yòókù nílé, á tún lọ bá wọn nílé tiwọn. Ayò 14 nìyẹn. Tẹ́lẹ̀, ẹni tó bá wà lókè tábìlì ló ń lọ tààrà sí ìdíje NCAA, ìyẹn ìdíje àpapọ̀ àwọn yunifásítì Amẹ́ríkà. Láti 2017, àwọn mẹ́rin tó ṣíwájú á tún pàdé lóṣù Kẹta, ẹni tó bá borí níbẹ̀ ló ni tíkẹ́ẹ̀tì.

Princeton ò ní tètè gbàgbé 2024. Wọ́n jẹ ayò 12 nínú 14, síbẹ̀ Brown, tó ṣe ipò kẹrin, ló lé wọn dànù. Ni Brown bá kojú Yale ní àṣekágbá ní New York. Ó ku bí ìdajì ìṣẹ́jú, Brown ń fi pọ́ìǹtì mẹ́fà ṣíwájú. Yale ń lé e bọ̀, ó ń lé e bọ̀, àfi gbàà tí bọ́ọ̀lù ìkẹyìn wọ àwọ̀n bí aago ṣe ń pé: 62 sí 61. Yale yìí náà ló lọ na yunifásítì Auburn 78 sí 76 ní NCAA.

Ti owó ni àṣìṣe tó ń dùn mí jù. Ẹ̀gbọ́n kan pè mí nípa ọmọ wọn tó ga fíofío, wọ́n ní kí n bá àwọn wá kóòṣì tó máa fún un ní ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní Harvard. Mo ní, ẹ̀gbọ́n mi, kò sí i. Nínú líìgì yìí, wọn kì í fúnni lówó ilé ẹ̀kọ́ torí bọ́ọ̀lù. Kóòṣì lè bá ọmọ sọ̀rọ̀ lọ́dọ̀ àwọn tó ń gbani wọlé, àmọ́ àpò bàbá àti ìyá ni wọ́n ń wò kí wọ́n tó dín owó kù.

Wọ́n dákẹ́ díẹ̀. “Tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá wá ṣẹ́ ńkọ́?”

Mo ní owó ìrànwọ́ yẹn ò ní tìtorí ẹsẹ̀ dúró, torí kì í ṣe ẹsẹ̀ ló mú un wá.