Bí ìtàn ìfẹ́ ṣe ń di ìwé ní Àjàṣẹ́

Kí olóòtú tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lórí ìtàn ìfẹ́ tí wọ́n kọ ní Yorùbá ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ní ilẹ̀ Benin, òun àti òǹkọ̀wé ní láti fẹnu kò lórí àkọtọ́. Láti 1975 ni Benin ti ní ábídí tirẹ̀ fún àwọn èdè ilẹ̀ náà, wọ́n sì tún un yẹ̀ wò ní 1990 àti 2008. Nínú ábídí yìí, ọ̀rẹ́ di ɔ̀rɛ́, ṣe di she, pè di kpè. Ẹni tó kọ́ ìwé kíkà ní kíláàsì àwọn àgbà ní Kétu tàbí Sábẹ̀ lè ti fi èyí mọ̀wé, ṣùgbọ́n bí ìwé bá kọjá ibodè dé Ìmẹ̀kọ ní Nàìjíríà, níbi tí wọ́n ti ń kọ ẹ, ọ àti ṣ, òǹkàwé ibẹ̀ yóò máa kọsẹ̀. Àkọtọ́ tí wọ́n bá mú ló ń sọ ẹni tí yóò ra ìwé náà. Méjèèjì ló dára. Àdàlù ni kò dára.

Lẹ́yìn èyí, olóòtú yóò ka ìwé àfọwọ́kọ náà dé òpin láìfi gègé kàn án. Ohun tó ya olólùfẹ́ méjèèjì ló ń wá. Bó bá jẹ́ aáwọ̀ tí ìbéèrè kan ṣoṣo lè parí, kò lè gbé igba ojú ìwé. Ibí yìí ni ìtàn tó ti ilẹ̀ Kétu wá ti ní ọrọ̀ tí ọ̀pọ̀ òǹkọ̀wé ń fi ṣòfò: wọ́n á pa àwọn òbí tì kí àyè lè gba olólùfẹ́. Bẹ́ẹ̀, nínú ìwádìí ìdílé, lọ́wọ́ alárinà, níbi ìtọrọ àti ìdána ni ìfẹ́ ti ń rí ìdánwò. Baba tó kọ̀ nítorí ohun tó mọ̀ nípa ìdílé ọmọkùnrin náà, tí kò sì lè sọ ọ́ síta, wúlò fún ìtàn ju orogún burúkú mẹ́ta lọ. Olóòtú tó mọṣẹ́ á kọ èyí sínú lẹ́tà, á dá ìwé padà kí òǹkọ̀wé tún un kọ fúnra rẹ̀. Kì í bá a kọ ọ́.

Nígbà tí ìtàn bá ti fẹsẹ̀ múlẹ̀, ó kan ọ̀rọ̀ ẹnu. Ọmọbìnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ pàdé ọkùnrin tó jù ú lọ yóò máa fi “ẹ̀yin” bá a sọ̀rọ̀. Ọjọ́ tí “ìwọ” bá jáde lẹ́nu rẹ̀, nǹkan ti ṣẹlẹ̀ láàrin wọn. Kò tún yẹ kí òǹkọ̀wé sọ pé ìfẹ́ ti wọlé. Bó bá padà sí “ẹ̀yin”, ìjà ti dé, tàbí àlejò wà nílé. Olóòtú máa ń kọ ojú ìwé tí ìyípadà kọ̀ọ̀kan ti wáyé sílẹ̀, torí pé òǹkọ̀wé sábà máa ń ṣì í láìmọ̀. Òun náà ló ń gbà á nímọ̀ràn lórí ìwọ̀n èdè Gùn àti Faransé tí yóò kù lẹ́nu àwọn ẹ̀dá ìtàn, nítorí ẹni tó bá mọ ọjà Ouando ní Àjàṣẹ́ mọ̀ pé Yorùbá àti àwọn méjì yìí, èdè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló ń pàdé níbẹ̀.

Ìdí tí ẹnì kan fi ń ṣe òǹkọ̀wé àti olóòtú pọ̀ kò jìnnà. Ká ní ìwé kan ta 500 ẹ̀dà ní 2,500 sẹ́fà, tí ìpín òǹkọ̀wé sì jẹ́ ìdá kan nínú mẹ́wàá: 125,000 sẹ́fà ni, fún iṣẹ́ tó lè gba ọdún kan tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Owó àtúnṣe ìwé ẹlòmíràn ló ń gbọ́ bùkátà. Síbẹ̀, kò yẹ kí irú ẹni bẹ́ẹ̀ ṣe olóòtú ìwé ara rẹ̀, torí ohun tó ní lọ́kàn ni ojú rẹ̀ ń kà, kì í ṣe ohun tó wà lórí bébà.

Ó wá ku títo ojú ìwé. Bí fọ́ǹtì atẹ̀wé kò bá gba àmì ohùn lórí ẹ àti ọ, àmì á ṣí kúrò láyè rẹ̀ tàbí kó di àpótí kékeré, nítorí náà orí bébà ló yẹ kí wọ́n ti ṣe àyẹ̀wò ìkẹyìn. Bébà ńlá tí wọ́n bá ká lẹ́ẹ̀mẹta ń di ojú ìwé 16; ìdí nìyẹn tí olóòtú fi lè bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n gé ìpínrọ̀ méjì, kí ìwé má baà kọjá 192, tí í ṣe bébà ńlá 12, dé ojú ìwé 193 tí yóò béèrè bébà ńlá mìíràn. Nọ́ńbà ISBN tí a fi ń dá ìwé kọ̀ọ̀kan mọ̀, tó jẹ́ oní 13, ni wọ́n ń gbà ní Ilé Ìkàwé Àpapọ̀ tó wà ní Àjàṣẹ́ kan náà kí ìtẹ̀wé tó bẹ̀rẹ̀. Bí ìwé bá ti jáde, ibẹ̀ náà ni ẹ̀dà tí òfin ní kí wọ́n tọ́jú ń lọ, kí ìyókù tó wọ mọ́tò lọ sí Kétu àti Sábẹ̀.